Ẹní Akenese Lójú Pápá

Ó ti rẹ̀ mí kí n tó lanu, ṣùgbọ́n mo máa sọ ọ́, torí àwọn tó ń sọ ọ́ káàkiri erékùṣù wa yìí kò mọ̀ ọ́n sọ. Wọ́n á ní obìnrin kan ya wèrè ní Falelua, ó lọ tẹ́ ẹní sáàárín pápá rọ́gíbì nígbà tí ìdíje àṣekágbá ń lọ lọ́wọ́. Wèrè kọ́ o. Akenese ni, àbúrò ọkọ mi. Ọkọ mi ni èmi náà ń pè é, torí ilé wọn ni mo bá wọn. Bí orí ẹnì kan bá pé ní abúlé yìí, orí Akenese ni.

Òun ni wọ́n bí tẹ̀lé Etuale tó fẹ́ mi. Nígbà tó wà ní wúńdíá, kò sí ẹni tó mọ bọ́ọ̀lù kilikiti lù tó o nínú àwọn obìnrin Falelua. Ẹ bá mi wo igi tí a fi ń lù ú, tó wúwo bí ọmọ odó, lọ́wọ́ ọmọbìnrin tẹ́ẹ́rẹ́! Bó bá ti gbé e sókè báyìí, kó tó lù ú rárá, àwọn tó ń ṣọ́ bọ́ọ̀lù á ti máa sá wọ oko àgbọn lọ, wọ́n mọ̀ pé ibẹ̀ ni wọ́n ti máa wá a. Ẹlẹ́dẹ̀ Olóyè Kolone kan kú lọ́dún kan, títí dòní wọ́n ṣì ń sọ pé bọ́ọ̀lù Akenese ló pa á. Lẹ́yìn náà ló lọ sílé ọkọ ní abúlé mìíràn, ó sì ṣe ìyàwó níbẹ̀ bí èmi ṣe ń ṣe é níbí. Ó dáná, ó fọṣọ, ó jókòó sẹ́yìn, ẹnikẹ́ni kò bi í léèrè ọ̀rọ̀. Òkun gbé ọkọ rẹ̀ lọ, ó ká ẹní rẹ̀, ó padà sílé bàbá rẹ̀. Ó tọ́jú ìyá wọn títí ìyá fi kú. Ó tọ́jú bàbá wọn títí bàbá fi kú. Mo rò pé ó ti ń múra àtisinmi nígbà tí ọ̀rọ̀ Etuale dé.

N kò ní purọ́, a kì í ṣe ọ̀rẹ́ níbẹ̀rẹ̀. Bí mo bá se kókò, á ní iyọ̀ ò sí nínú rẹ̀. Bí mo bá fi iyọ̀ sí i, á ní ṣé òkun ni mo bù wá ni. Mo ti sunkún sẹ́yìn ilé nítorí Akenese, ẹ bi àwọn adìyẹ léèrè.

Ti Etuale ńkọ́? Ọmọdé ni lọ́dún 1991 tí àwọn ọmọ wa lọ na Wales nínú rọ́gíbì mọ́ inú ilé wọn. Gbogbo abúlé ló pé lé rédíò pásítọ̀ lórí, kò sẹ́ni tó sùn. Ìyá wọn sọ fún mi kó tó kú pé láti ọjọ́ náà, Etuale kò gbé ẹrù bí ọmọ ènìyàn mọ́. Bí wọ́n rán an ní àgbọn, ó há a mọ́ abíyá bíi bọ́ọ̀lù, ó di eré. Bí wọ́n ní kó gbé Bíbélì ìyá wá, ó há òun náà mọ́ abíyá. Nígbà tó dàgbà, èjìká rẹ̀ di ohun tí wọ́n ń fi ẹ̀rù rẹ̀ ba ọmọ ní Matavao, abúlé tí a jọ pààlà. Ó gbá rọ́gíbì fún gbogbo erékùṣù wa. Wọ́n pè é lọ sí Apia, olú ìlú wa, nígbà kan láti wò ó bóyá wọ́n á mú un fún orílẹ̀-èdè, wọ́n ní ó kúrú. Ó wọ ọkọ̀ ojú omi padà wálé. Kò kúrú fún wa ní Falelua. Níbí, bó bá ń kọjá, àwọn ọmọdé á máa tẹ̀lé e.

Àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ gbé bàtà kọ́, wọ́n di díákónì, ikùn wọn yọ. Etuale pé ogójì ọdún, ó ṣì ń gbá a. "Ọdún yìí nìkan, Iunisi," ni yóò wí. Ọdún á yípo, á tún ní ọdún yìí nìkan. Nígbà tó yá, n kì í dá a lóhùn mọ́.

Orí rẹ̀ ló kọ́kọ́ sọ fún wa. Lọ́jọ́ Sunday kan, ó jí to umu, ààrò òkúta gbígbóná wa, bí gbogbo ọkùnrin ṣe ń ṣe. A ti ṣọ́ọ̀ṣì dé nínú aṣọ funfun wa, ebi ń pa wá, a ṣí ewé, kókò tútù rinrin, ẹja tútù rinrin. Ó to òkúta, ó to oúnjẹ, ó bò ó dáadáa, kò ṣáná sí i. A rẹ́rìn-ín lọ́jọ́ náà. Akenese ní, "Etuale, ṣé oòrùn lo fẹ́ kó bá ọ sè é ni?" Òun náà rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn ìyẹn ló lọ sóko tó ti ń lọ láti kékeré, tí kò sì mọ ọ̀nà ilé mọ́, àwọn ará Matavao ló fà á lọ́wọ́ wálé. Lẹ́yìn ìyẹn ló fi orúkọ ìyá rẹ̀ pè mí. Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín mọ́.

Dókítà tó wà ní Apia wo inú orí rẹ̀. Ó fà mí síta, ó ní, "Ìyá, wọ́n ti kọ lu ọpọlọ yìí tó. Bí wọ́n bá tún kọ lù ú, mi ò lè ṣèlérí pé á mọ̀ yín mọ́, tàbí pé á tilẹ̀ jí." Mo sọ fún Etuale nínú ọkọ̀. Ó fẹnu tẹ́ńbẹ́lú rẹ̀. "Ọmọ àná yẹn? Bi í bóyá ó gbá rọ́gíbì rí."

Bẹ́ẹ̀, ìdíje àṣekágbá ti dé, Falelua àti Matavao. Matavao ló ń gba ife náà bọ̀ láti ọdún mélòó kan wá, orin tí wọ́n sì fi ń bú wa lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì kò ṣeé kọ níwájú ọmọdé. Mo lọ bá Olóyè Kolone tó ń darí ẹgbẹ́. Mo kúnlẹ̀.

"Ìyàwó, ta ló rán ọ?" ló bi mí.

"Ẹ jọ̀ọ́ sà, orí rẹ̀ ni. Dókítà ní—"

"Orí Etuale? Òkúta ni! Àwọn Matavao ni kó o lọ bá kẹ́dùn, àwọn ni orí náà fẹ́ kàn."

Àwọn ọkùnrin tó yí i ká bú sẹ́rìn-ín. Mo dìde, mo gbọn eruku orúnkún mi, mo lọ. Kí ni mo fẹ́ ṣe? Ìyàwó ilé kò lẹ́nu ní abúlé ọkọ rẹ̀. Bí mo bá sunkún fún Etuale, á fún mi ní aṣọ kí n fi nu ojú. Mo ti gbìyànjú láti kó bàtà rẹ̀ pamọ́, ó gbá a láìwọ bàtà.

Ẹnì kan ṣoṣo ló kù. Akenese ń hun ẹní lọ́wọ́ nígbà tí mo dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Mo jókòó sísàlẹ̀.

"Ọkọ mi, ẹ̀yin nìkan ló lè dá a dúró."

Kò gbójú sókè. "Iyọ̀ tó wà nínú ọbẹ̀ àná pọ̀."

"Mo gbọ́ mà. Ẹ dákun, ẹ sọ fún un."

Ó hun ẹní náà lọ díẹ̀. Ó wá ní, "Ìyàwó, o mọ ohun tó ò ń bẹ̀ mí fún? O ò mọ̀ ọ́n. Wọ́n ní ẹyin lọ̀rọ̀, bó bá balẹ̀, fífọ́ ló ń fọ́. Tèmi sí Etuale ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ìyá mi sọ fún mi pé kí n má gbé e jáde àfi tí n kò bá rí ohun mìíràn gbé mọ́."

Ẹ̀yin náà mọ̀ ọ́n bí ó ti rí láàárín wa. Arábìnrin ni ẹyinjú arákùnrin. Látìgbà tí wọ́n ti gọ́njú, wọn kò jókòó lórí ẹní kan náà mọ́, arákùnrin kò sì gbọdọ̀ sọ ọ̀rọ̀ ìdọ̀tí níbi tí etí arábìnrin rẹ̀ wà. Ì báà jẹ́ ẹ̀gbọ́n, á máa fi "ẹ" bá a sọ̀rọ̀. Ohun tí arábìnrin bá kọ̀ fún un, ó kọ̀ nìyẹn. Ọkùnrin tó bá tẹ májẹ̀mú yẹn mọ́lẹ̀, ojú tí wọ́n fi ń wo adẹ́tẹ̀ láyé ijọ́un ni wọ́n fi ń wò ó, bí ọmọ rẹ̀ bá sì ń ṣàìsàn, ohun tí wọ́n á kọ́kọ́ béèrè ni pé kí ni bàbá rẹ̀ ṣe fún arábìnrin rẹ̀. Akenese kò tíì kọ ohunkóhun fún Etuale rí. Òun náà fẹ́ràn eré yẹn. Òun ló ń pariwo jù létí pápá.

"Gbogbo abúlé ló máa kórìíra mi," ó ní.

"Mo mọ̀ mà."

"O tún mọ̀! Gbogbo nǹkan lo mọ̀, àfi ìwọ̀n iyọ̀." Ó ju ewé ọwọ́ rẹ̀ sílẹ̀. "Èmi náà ṣe ìyàwó rí, Iunisi. Ọjọ́ tí ọkọ mi ń lọ sójú òkun, mo rí ìjì tó ń bọ̀. Kò sẹ́ni tó bi mí. Lọ pè é wá."

Ọjọ́ Friday ni. Etuale wá, ó jókòó sétí ilé, jìnnà sí ẹní rẹ̀ bó ti yẹ. Akenese kò sọ púpọ̀. Ó ní, "Etuale, n kò fẹ́ kí o gbá rọ́gíbì mọ́. Látòní lọ." Ẹ̀rín kú lójú ọkọ mi. Ó wo pápá tó wà níwájú ilé wa níbẹ̀ yẹn, ibi tó ti ń sá kiri látìgbà tó ti kọ́kọ́ rìn. Omi bọ́ lójú rẹ̀, kò nù ún. Ó tẹrí ba.

"Mo ti gbọ́. N kò ní gbá a mọ́."

Ó tán nìyẹn. Ó dùn mí, ẹ má purọ́ mọ́ mi pé mo yọ̀. Ó dùn mí, ara sì tù mí, mo sùn bí ẹni tí wọ́n sọ ẹrù kalẹ̀ lórí rẹ̀.

Ní Saturday, mo ń ha àgbọn lẹ́yìn ilé nígbà tí mo gbọ́ ariwo láti pápá. "Etuale! Etuale!" Mo ní àbí wọ́n ń pè é ni, tí kò dá wọn lóhùn. Mo yọjú. Ta ni mo rí, ẹ gbà mí o! Ọkọ mi, nínú aṣọ búlúù ẹgbẹ́ wa, tó há bọ́ọ̀lù mọ́ abíyá, tí ọkùnrin méjì rọ̀ mọ́ ọn lọ́rùn.

Mo yíjú, mo bá Akenese lẹ́yìn mi. N kò rí irú ojú bẹ́ẹ̀ lára rẹ̀ rí, kì í ṣe ọjọ́ tí ìyá kú, kì í ṣe ọjọ́ tí bàbá kú. "Ó tẹ̀ mí mọ́lẹ̀," ó ní. "Kí ni mo ṣe fún un? Kí ni mo ṣe fún un tó fi tẹ̀ mí mọ́lẹ̀ lójú gbogbo ayé?" Èmi náà gbà bẹ́ẹ̀. Kí ni a tún fẹ́ rò? Ara wa gbóná sí i, inú bí wa dé ibi tí a kò lè ronú mọ́.

Ó fa ẹní tó ń sùn lé yọ, ó ká a, ó gbé e sábẹ́ apá. Ó gba àárín èrò kọjá. Ó wọ pápá bí ẹni tó ń lọ fọṣọ lódò. Àwọn ọkùnrin gìrìwò ń sá bọ̀, wọ́n ń yà fún un. Nígbà tó dé àárín gan-an, ó tẹ́ ẹní, ó jókòó, ó ká ẹsẹ̀ rẹ̀, ó na ìró rẹ̀ bo orúnkún.

Fèrè dún. Rẹfurí sáré dé. "Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ dìde." Kò gbọ́.

"Ẹ wá wò wọ́n!" obìnrin Matavao kan kígbe. "Wọ́n ti rí i pé àwọn ò lè borí, wọ́n ti gbé ẹní tí wọ́n máa dùbúlẹ̀ lé wá!"

"Wọ́n fẹ́ jẹun ni! Ẹ fún un ní kókò!"

Olóyè Kolone sáré wọlé, ikùn rẹ̀ ń sáré níwájú rẹ̀. "Akenese! Kí lo jẹ? Ṣé orí rẹ dá pé báyìí? Dìde níbẹ̀!" Ṣùgbọ́n ó dúró lókèèrè, kò fọwọ́ kàn án. Ọkùnrin wo ló máa fọwọ́ kàn án, tí arákùnrin rẹ̀ dúró níbẹ̀? Gbogbo ojú yí sọ́dọ̀ Etuale. Kí arábìnrin ẹni jókòó sínú oòrùn níwájú èrò, tí wọ́n ń fi í ṣe yẹ̀yẹ́, ìtìjú arákùnrin ni.

Etuale ń bọ̀. Bọ́ọ̀lù ṣì wà lábẹ́ apá rẹ̀. Nígbà tó kù díẹ̀ kó dé ibi ẹní, ó kúnlẹ̀, ẹ̀jẹ̀ ń ṣàn níbi ìpéǹpéjú rẹ̀. Mo ti sáré dé ẹ̀yìn Akenese, mo gbọ́ gbogbo rẹ̀.

"Ta ló ṣẹ̀ yín?" ó ní. "Ẹ fi ẹni náà hàn mí."

"Ìwọ ni."

"Èmi?" Ó wo ara rẹ̀ bí ẹni pé ó fẹ́ wá ohun tó ṣe lára aṣọ. "Akenese, kí ni mo ṣe?"

"Kí lo sọ fún mi lánàá?"

Ó wò ó. Ó wò mí. Ọkùnrin kì í lè fi irú ojú yẹn purọ́. Ojú ọmọ tí ìyá rẹ̀ bi léèrè ohun tí kò mọ̀ ni. "Lánàá? Ṣé mo rí yín lánàá ni?"

Ibẹ̀ ni mo ti mọ̀ pé a ti ṣì í lóye. Kò tẹ ẹnikẹ́ni mọ́lẹ̀. Ó ti gbàgbé ni. Omijé tó sun lánàá, ó ti gbàgbé rẹ̀.

Akenese fọwọ́ bo ẹnu. Inú tó ń bí i láti ilé wá, mo rí i tó kúrò lójú rẹ̀, ohun tó rọ́pò rẹ̀ burú jù ú lọ. Nígbà tó tún sọ̀rọ̀, ohùn rẹ̀ ti yàtọ̀. "O ò ṣe nǹkan kan, Etuale. Oòrùn ń pa mí ni. Mo fẹ́ kí o mú mi dé ilé."

"Oòrùn ń pa yín, ẹ wá jókòó sínú oòrùn?" Ó rẹ́rìn-ín. Ó fún rẹfurí ní bọ́ọ̀lù, ó ní kó má bínú. Akenese dìde, Etuale ká ẹní, ó gbé e lé èjìká, ó tẹ̀lé e lẹ́yìn lọ sílé. Kò bojú wẹ̀yìn.

Matavao gba ife. Àwọn obìnrin Falelua kò kí wa lódò fún ìgbà pípẹ́. Olóyè Kolone wá lọ́jọ́ kan, ó jókòó, ó bá Etuale sọ̀rọ̀ ojú ọjọ́, Etuale sì bi í lẹ́ẹ̀mejì nínú ìjókòó kan náà pé ìgbà wo ni ìdíje àṣekágbá. Kolone kò lè mu kòkó tí mo gbé fún un tán. Lẹ́nu ọ̀nà, ó ní, "Ìyàwó, má bínú sí mi." Kí ni mo fẹ́ fi ìbínú ṣe? Agbára rẹ̀ dà?

Ẹ̀yin rò pé ó parí síbẹ̀. Ì bá dára. Gbogbo Saturday tó bá ti gbọ́ fèrè ní pápá, Etuale á dìde, á wá bàtà rẹ̀. Kolone kò fi orúkọ rẹ̀ sílẹ̀ mọ́, ṣùgbọ́n bó bá dé pápá, á wọ eré tó bá bá níbẹ̀, àwọn ọmọ àlejò tí kò mọ̀ ọ́n á sì fi gbogbo ara kọ lù ú. Akenese kì í jẹ́ kó débẹ̀. Á tẹ́ ẹní rẹ̀ sójú ọ̀nà tó jáde nílé, á jókòó. Etuale á dé, á rí i, á dúró.

"Akenese, kí lẹ ń ṣe níbí?"

"N kò fẹ́ kí o gbá rọ́gíbì mọ́, Etuale. Látòní lọ."

Ẹ̀rín á kú lójú rẹ̀. Á wo pápá. Omi á bọ́ lójú rẹ̀ bó ti bọ́ lọ́jọ́ àkọ́kọ́, torí lójú tirẹ̀, òní ni ọjọ́ àkọ́kọ́. Á tẹrí ba, á ní, "Mo ti gbọ́. N kò ní gbá a mọ́." Á bọ́ bàtà. Akenese á jókòó títí fèrè ìkẹyìn á fi dún. Ó gbàgbé umu, ó gbàgbé oko, orúkọ mi ń bọ́ lórí rẹ̀ díẹ̀díẹ̀, kò gbàgbé pé arábìnrin òun ni Akenese.

Saturday tó kọjá yìí, ibà dá Akenese gúnlẹ̀. Ó ń gbọ̀n, aṣọ kò bò ó tán. Nígbà tí fèrè dún, mo sọ fún un pé kó sùn, pé màá lọ. Mo gbé ẹní rẹ̀, mo tẹ́ ẹ síbi tó máa ń tẹ́ ẹ sí, mo jókòó bó ṣe ń jókòó, mo ká ẹsẹ̀.

Etuale dé pẹ̀lú bàtà lọ́wọ́. "Ìyàwó, o kú ìsinmi o," ó ní. Ó tẹ etí ẹní náà, ó kọjá.

"Bàbá Sefo! Bàbá Sefo, mo bẹ̀ ọ́!" Mo fi orúkọ ọmọ wa bẹ̀ ẹ́, mo di ẹsẹ̀ rẹ̀ mú. Ó yọ ọ́ jẹ́jẹ́, ó fọwọ́ pa mí lórí, ó ní, "Ọdún yìí nìkan, Iunisi." Orúkọ mi tó ti ń bọ́ lórí rẹ̀, òun ló wá rí pè. Ó ń lọ.

N kò mọ ìgbà tí Akenese jáde. Ó ń fà bọ̀ lórí orúnkún, òógùn bò ó, ìró rẹ̀ ń wọ́ nílẹ̀. Mo sáré gbé e, kò wúwo mọ́ rárá, ọmọbìnrin tó ń lu bọ́ọ̀lù wọ oko àgbọn. "Gbé mi dé orí ẹní," ó ní. Mo gbé e débẹ̀, mo fi àyà mi ti ẹ̀yìn rẹ̀ kó má baà ṣubú. Ó kó gbogbo agbára tó kù, ó pè é. "Etuale!"

Ó yí padà. Ó rí i. Ó padà wá, ó kúnlẹ̀.

"Akenese, kí lẹ ń ṣe níbí?"

Ó sọ ọ́ fún un. Etuale sunkún, ó tẹrí ba, ó bọ́ bàtà, ó lọ jókòó sétí ilé. Àwa méjèèjì kò kúrò níbẹ̀. Fèrè ń dún, wọ́n ń pariwo orúkọ ẹlòmíràn. Ara Akenese gbóná mọ́ mi láyà bí òkúta umu. Kò tíì fara tì mí rí látìgbà tí mo ti wọ ilé yìí.

"Ìyàwó," ó ní, "ó rẹ̀ mí."

"Ó rẹ èmi náà, ọkọ mi."

"Bí n kò bá sí mọ́ ńkọ́?"

Mo fa ìró rẹ̀ bo orúnkún rẹ̀, a sì jókòó ti eré náà títí ó fi parí.